Ẹ̀bù Pọ̀ Nínú Abà, Kò Sí Iṣu Nínú Ìkòkò: Ọ̀rọ̀ Àsọyé Lórí Sáà 2017 Àwọn Cleveland Browns

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin àgbà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ kú ìfarabalẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ikọ̀ Cleveland Browns la fẹ́ sọ lónìí, ikọ̀ bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà tó wà ní ìlú Cleveland, ìpínlẹ̀ Ohio. Ní sáà 2017, ìgbà mẹ́rìndínlógún ni wọ́n wọ pápá. Ìgbà mẹ́rẹ̀ẹ̀rìndínlógún ni wọ́n fìdí rẹmi. Wọn ò borí lẹ́ẹ̀kan, wọn ò sì ta ọ̀mì. Láti ìgbà tí líìgì NFL ti sọ sáà di onígbà mẹ́rìndínlógún, ikọ̀ kan ṣoṣo ló ti ṣe irú ẹ̀ ṣáájú wọn, ìyẹn Detroit Lions ní 2008. Tampa Bay Buccaneers náà pàdánù gbogbo mẹ́rìnlá tí wọ́n gbá ní 1976, ṣùgbọ́n ọdún náà gan-an ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ líìgì. Ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ta tẹ̀ẹ́tẹ̀ẹ́, kò sẹ́ni tó máa bá a wí pé ó ṣubú.

Browns kì í ṣe ọmọ àná ní tiwọn. Ọdún 1946 ni wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù. Àwọn ni Jim Brown gbá fún, wọ́n sì na Baltimore Colts ní 27 sí 0 láti gba ife ẹ̀yẹ líìgì ní 1964. Ìgbà yẹn ni wọ́n gbà á kẹ́yìn. Lẹ́yìn sáà 1995, ẹni tó ni ikọ̀ náà kó àwọn agbábọ́ọ̀lù lọ sí Baltimore, ìlú Cleveland sì jókòó láìní ikọ̀ títí di 1999 tí líìgì dá Browns padà fún wọn. Ẹ fi èyí sọ́kàn, torí ó wà lára ìdí tí ìrora àwọn ará ìlú yẹn fi jinlẹ̀ ju ti ẹni tí ikọ̀ rẹ̀ kàn gbá bọ́ọ̀lù tí kò dára lọ́dún kan.

Ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Inú ọ́fíìsì ni wọ́n ti hun ìfìdírẹmi mẹ́rìndínlógún yẹn, ó tó ọdún kan ààbọ̀ kí sáà tó bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó wá dé orí pápá, ọ̀nà tó gbà jáde jùlọ ni bọ́ọ̀lù tí àwọn Browns ń fi ọwọ́ ara wọn gbé fún alátakò. Nǹkan méjì yìí so mọ́ra wọn, bí wọ́n ṣe so mọ́ra ni mo sì fẹ́ tú palẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ yára ṣàlàyé eré náà fún ẹni tó jẹ́ pé bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ nìkan ló mọ̀. Àwọn mọ́kànlá ló ń kojú àwọn mọ́kànlá. Pápá náà gùn ní 100 yáàdì, yáàdì kan sì dín díẹ̀ ní mítà kan. Ikọ̀ tí bọ́ọ̀lù wà lọ́wọ́ rẹ̀ ní ìgbìyànjú mẹ́rin láti fi sún síwájú ní yáàdì 10. Bó bá sún un, wọ́n á fún un ní mẹ́rin mìíràn. Bí kò bá sún un, bọ́ọ̀lù di ti ẹnì kejì. Ẹni tó bá gbé bọ́ọ̀lù wọ ìpẹ̀kun pápá gba touchdown, àmì 6, àmì 1 sì tún wà fún un bó bá fẹsẹ̀ ta á gba àárín òpó méjì lẹ́yìn ìyẹn. Ẹni tí kò lè wọlé lè fẹsẹ̀ ta á láti òkèèrè gba àárín òpó kan náà, èyí tí wọ́n ń pè ní field goal, ó sì gba àmì 3. Quarterback ni ẹni tí bọ́ọ̀lù ń kọ́kọ́ dé ọwọ́ rẹ̀ ní ìgbìyànjú kọ̀ọ̀kan. Òun ló ń jù ú, òun ló ń fi lé ẹlòmíràn lọ́wọ́.

Nínú bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀, èèyàn lè sọ bọ́ọ̀lù nù ní ọgọ́rùn-ún ìgbà kó sì tún borí. Nínú eré yìí, bọ́ọ̀lù kì í dé ọwọ́ ikọ̀ kan ju bí ìgbà mọ́kànlá tàbí méjìlá lọ nínú ìdíje kan. Owó tó wà lápò kò pọ̀, ẹni tó bá sì jẹ́ kí méjì tàbí mẹ́ta jábọ́ nínú ẹ̀, ó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ sọ ara rẹ̀ di aláìní kó tó dé ìdí ọjà.

Ìyàtọ̀ kan ṣì kù. Nínú líìgì England, ẹni tó bá gbẹ̀yìn á já sí ìpele ìsàlẹ̀, á pàdánù owó, á pàdánù iyì. NFL kò ní ìpele ìsàlẹ̀. Ẹ̀bùn ni wọ́n máa ń fún ẹni tó gbẹ̀yìn. Lọ́dọọdún, ní nǹkan bí oṣù kẹrin, àwọn ikọ̀ máa ń yan àwọn ọ̀dọ́ agbábọ́ọ̀lù tó ń jáde ní yunifásítì. Draft ni wọ́n ń pe ètò yìí, ó ní ìpele méje, ikọ̀ tó burú jùlọ ló sì ń kọ́kọ́ yàn. Ààyè láti yàn yìí ṣeé tà, ó ṣeé rà, ó ṣeé fi pààrọ̀ agbábọ́ọ̀lù. Fún èmi, ẹ̀bù iṣu ni. Kì í ṣe iṣu. Ó dìgbà tí o bá gbìn ín, tí o fi igi sí i, tí o ro ó, tí òjò sì rọ̀.

Ní oṣù kìíní 2016, Jimmy Haslam tó ni ikọ̀ náà yọ kóòṣì, ó yọ ẹni tó ń ra agbábọ́ọ̀lù, ó sì fi Sashi Brown ṣe olórí ọ́fíìsì. Agbẹjọ́rò ni Sashi Brown, ikọ̀ yìí kan náà ló sì ti ń ṣiṣẹ́ fún. Wọ́n tún pe Paul DePodesta láti inú eré baseball, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ sí oníṣirò. Wọ́n gba Hue Jackson ní kóòṣì. Ètò wọn ò ṣòro lóye: kí wọ́n tú ikọ̀ náà palẹ̀, kí wọ́n kó ẹ̀bù jọ ju ẹnikẹ́ni lọ, kí wọ́n sì fara da ìyà ọdún méjì. Ẹni tó bá da omi síwájú, á tẹ ilẹ̀ tútù. Mi ò bá wọn jà lórí ìyẹn. Lórí ìwé, ètò náà mọ́gbọ́n dání.

Ẹ jẹ́ ká tẹ̀lé ẹ̀bù kan ṣoṣo, ká wo ibi tó gbà. Ní 2016, Browns ní àǹfààní láti yàn ṣìkejì. Philadelphia Eagles fẹ́ ipò yẹn, torí wọ́n fẹ́ quarterback kan tó ń jẹ́ Carson Wentz. Browns tà á fún wọn, wọ́n gba ẹ̀bù púpọ̀, èyí tí ìpele kìíní 2017 wà lára rẹ̀. Ìyẹn di ipò 12. Nígbà tí ọjọ́ dé, Houston Texans fẹ́ ipò 12 náà láti mú quarterback mìíràn, Deshaun Watson. Browns tún tà á. Wọ́n gba ipò 25, wọ́n sì gba ìpele kìíní Houston ti 2018. Ipò 25 ni wọ́n fi mú Jabrill Peppers, tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn pápá. Orí ẹ̀bù kan ṣoṣo yìí, wọ́n ti kọjá quarterback méjì. Philadelphia gba Super Bowl, ìdíje àṣekágbá líìgì, ní oṣù kejì 2018 nígbà tí sáà tí à ń sọ yìí parí. Òótọ́ ni pé Wentz ti fara pa nígbà yẹn, Nick Foles ló gbá a, ṣùgbọ́n Wentz ló gbé wọn dé ẹnu ọ̀nà. Ní 2022, Browns padà lọ ra Watson yìí kan náà lọ́wọ́ Houston, wọ́n san ìpele kìíní mẹ́ta lára owó rẹ̀, wọ́n sì fọwọ́ sí àdéhùn mílíọ̀nù 230 dọ́là fún un. Iye tí ẹ̀bù àkọ́kọ́ yẹn wá náni nìyẹn bí a bá ṣírò rẹ̀ dé òpin.

Ibi tí mo ti bá wọn jà ni ti àwọn àgbà tí wọ́n kó kúrò. Ní oṣù kẹta 2016, Alex Mack tó ń gbé bọ́ọ̀lù sọ́wọ́ quarterback lọ sí Atlanta. Mitchell Schwartz tó ń ṣọ́ apá ọ̀tún lọ sí Kansas City. Travis Benjamin àti Tashaun Gipson náà lọ. Àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jáde láàárín ọjọ́ díẹ̀ síra wọn. Sáà yẹn, ẹyọ kan ṣoṣo ni Browns borí nínú mẹ́rìndínlógún, ní ọjọ́ kẹrìnlélógún oṣù kejìlá. Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n tún fi Josh McCown sílẹ̀, àgbà quarterback tó ti gbá fún ikọ̀ púpọ̀. Terrelle Pryor tó gba bọ́ọ̀lù ju gbogbo wọn lọ gba Washington lọ. Nígbà tó ku ọjọ́ díẹ̀ kí sáà 2017 bẹ̀rẹ̀, wọ́n jáwèé gbélé-ẹ fún Joe Haden, àgbà tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn pápá, Pittsburgh Steelers sì gbà á wọlé kíákíá. Pittsburgh ni wọ́n máa kọ́kọ́ bá gbá.

Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Browns ni ọjọ́ orí àwọn agbábọ́ọ̀lù wọn kéré jùlọ nínú líìgì nígbà tí sáà bẹ̀rẹ̀. Quarterback mẹ́ta ló wà nílé. DeShone Kizer, ọmọ ọdún 21, ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mú ní ìpele kejì. Cody Kessler ti bẹ̀rẹ̀ ìdíje mẹ́jọ ní 2016, kò borí ọ̀kankan. Kevin Hogan kò tíì bẹ̀rẹ̀ rí. Ìyẹn ni pé nínú yàrá tí àwọn quarterback ti ń kẹ́kọ̀ọ́, kò sí ẹnì kankan tó ti bẹ̀rẹ̀ ìdíje NFL tó sì borí. Ta ni Kizer máa bi léèrè? Hue Jackson fúnra rẹ̀ ló ń pe gbogbo eré, kò gba igbákejì kankan sípò olùdarí ìkọlù ní ọdún méjèèjì náà. Iṣẹ́ kóòṣì àgbà àti iṣẹ́ olùkọ́ ọmọ tuntun wà lọ́rùn ẹnì kan.

Wọ́n tún ra Brock Osweiler lọ́wọ́ Houston ní oṣù kẹta, kì í ṣe torí pé wọ́n fẹ́ ẹ. Houston ń wá ẹni tó máa bá wọn gbé owó oṣù rẹ̀ kúrò lọ́rùn, mílíọ̀nù 16 dọ́là, wọ́n sì fi ìpele kejì 2018 kún un fún Browns. Browns gba ẹ̀bù, wọ́n san owó, wọ́n sì lé Osweiler kí sáà tó bẹ̀rẹ̀. Owó quarterback nìyẹn tí wọ́n san, quarterback ò sí nílé.

Ẹ wá jẹ́ ká dé orí pápá. Kizer bẹ̀rẹ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún nínú mẹ́rìndínlógún. Ó ju touchdown 11. Ẹ̀ẹ̀mejìlélógún ni àwọn alátakò já bọ́ọ̀lù tó jù gbà lófuurufú, kò sí quarterback tó jù ú sọ́wọ́ ọ̀tá tó bẹ́ẹ̀ nínú líìgì lọ́dún yẹn. Nínú bọ́ọ̀lù 100 tó bá jù, bíi 54 ló ń dé ọwọ́ ẹni tó jù ú sí. Hogan fi márùn-ún kún un, Kessler fi ọ̀kan kún un, ó di 28. Ẹ̀ẹ̀mẹ́tàlá sì ni bọ́ọ̀lù bọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ wọn tí alátakò gbé e. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 41. Iye tí àwọn náà rí gbà lọ́wọ́ ẹlòmíràn jẹ́ 13 péré. Ẹ yọ 13 kúrò nínú 41, 28 ló kù, òun ló burú jùlọ nínú gbogbo líìgì.

Ẹ fi ọwọ́ kan ìṣirò yẹn wò. 41 nínú ìdíje mẹ́rìndínlógún ju méjì ààbọ̀ lọ nínú ìdíje kọ̀ọ̀kan. Bí bọ́ọ̀lù bá dé ọwọ́ wọn nígbà méjìlá, ó lé ní méjì tí wọ́n fi tọrẹ. Alátakò kì í sì í gba irú bọ́ọ̀lù bẹ́ẹ̀ lókèèrè. Bí ọ̀tá bá já a gbà ní ogún yáàdì sí ilé rẹ, ó ti ń wo òpó field goal rẹ kó tó ṣe ohunkóhun. Ìdí nìyẹn tí mi ò fi gbà pé àwọn tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn ló ba sáà yẹn jẹ́. Gbogbo wọn lápapọ̀ fún alátakò ní àmì 410. Ó pọ̀, àmọ́ ẹ wo Detroit ní 2008: àmì 517 ni wọ́n fún àwọn alátakò, àwọn fúnra wọn sì gba 268. Ilé Detroit jò láti òkè dé ìsàlẹ̀. Browns gba àmì 234 péré, kò sí ìdíje kan tí wọ́n ti gba ju 28 lọ. Àìsàn tó ṣe wọ́n kì í ṣe ọ̀kan náà.

Kí ló ń mú kí ọ̀dọ́ quarterback máa ju bọ́ọ̀lù sọ́wọ́ ọ̀tá? Ojú rẹ̀ ni. Kí bọ́ọ̀lù tó dé ọwọ́ rẹ̀, ó gbọ́dọ̀ ka àwọn mọ́kànlá tó wà níwájú rẹ̀, kó mọ ẹni tó fẹ́ wá wó o mọ́lẹ̀ àti ẹni tó fẹ́ sá padà lọ ṣọ́ ẹ̀yìn. Lẹ́yìn náà, ó ní bí ìṣẹ́jú-àáyá méjì ààbọ̀ láti wo ẹni àkọ́kọ́, ẹni kejì, ẹni kẹta, kó tó jù ú. Ọmọdé á tẹjú mọ́ ẹni àkọ́kọ́. Ọ̀tá á tẹ̀lé ojú rẹ̀, á sì dé ibẹ̀ ṣáájú bọ́ọ̀lù. Ó ń gba àkókò kó tó kúrò lára èèyàn. Jíjókòó lẹ́yìn àgbà fún ọdún kan ló ń wò ó sàn jùlọ, ohun tí wọn ò sì ní nílé nìyẹn.

Ẹni tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn quarterback tún ṣe pàtàkì. Ọwọ́ ọ̀tún ni Kizer fi ń ju bọ́ọ̀lù, torí náà apá òsì ni ojú rẹ̀ kì í sí. Joe Thomas ló wà níbẹ̀. Láti ọjọ́ tó kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù fún Browns ní 2007, kò fi ìgbìyànjú kan ṣoṣo sílẹ̀. Wọ́n ka a: 10,363 léraléra. Ní ọjọ́ kejìlélógún oṣù kẹwàá, nígbà tí wọ́n ń bá Tennessee Titans gbá, iṣan ẹ̀yìn apá rẹ̀ já. Ó jáde. Kò padà sí pápá mọ́ títí ayé. Lọ́jọ́ yẹn, kò sẹ́ni tó gba touchdown nínú ikọ̀ méjèèjì, field goal ni gbogbo àmì tó wọlé, Titans sì borí ní 12 sí 9 nínú àfikún àkókò. Ẹni tí kò fi ọjọ́ kan sílẹ̀ fún ọdún mẹ́wàá, sáà yìí ló fi parí iṣẹ́ rẹ̀. Ó dùn mí títí di òní. Ní 2023 ni wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sí ilé ìrántí àwọn akọni eré náà.

Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni wọ́n pàdánù pẹ̀lú àmì mẹ́fà tàbí kó dín: Pittsburgh 21 sí 18, Indianapolis 31 sí 28, New York Jets 17 sí 14, Tennessee tí mo sọ yìí, Green Bay 27 sí 21, Pittsburgh lẹ́ẹ̀kejì 28 sí 24. Bí ẹ bá ṣírò ìyàtọ̀ inú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, àmì 22 ni gbogbo rẹ̀. Ẹni tó bá sọ pé ikọ̀ yìí kò mọ̀ ọ́n gbá rárá kò wo eré wọn dáadáa. Wọn ò mọ bí wọ́n ṣe ń parí ẹ̀ ni.

Ẹ wo ti Jets, ní ọ̀sẹ̀ karùn-ún. Josh McCown tí Browns fi sílẹ̀ ló ń ṣe quarterback fún Jets. Myles Garrett, ọmọ tí Browns fi ipò kìíní mú láti Texas A&M, kò tíì gbá rárá torí ọrùn ẹsẹ̀ rẹ̀, ọjọ́ yẹn ló kọ́kọ́ wọ pápá. Ìgbìyànjú àkọ́kọ́ tó bá wọn ṣe, ó wó McCown mọ́lẹ̀. Gbogbo ìlú hó. Síbẹ̀, àtamátàsé Zane Gonzalez ta field goal méjì tí kò wọlé, Kizer ju bọ́ọ̀lù sọ́wọ́ ọ̀tá nítòsí ilé Jets, kóòṣì sì yọ ọ́ ní àárín ìdíje. Àmì 3 ni wọ́n fi pàdánù. Ọmọ tuntun ni Gonzalez náà. Cody Parkey tó ti ń ta á fún wọn tẹ́lẹ̀ ni wọ́n lé fún un ní ọ̀sẹ̀ tí sáà fẹ́ bẹ̀rẹ̀.

Ti Green Bay, ní ọjọ́ kẹwàá oṣù kejìlá, ló ṣòro fún mi jùlọ láti tún wò. Aaron Rodgers, quarterback Green Bay, kò sí níbẹ̀, egungun èjìká rẹ̀ ti dá. Browns ń fi 21 sí 7 ṣíwájú nígbà tí ìdá kẹrin, ìyẹn ìkẹyìn, bẹ̀rẹ̀. Green Bay gba touchdown kan. Lẹ́yìn náà, Browns ta bọ́ọ̀lù jìnnà fún wọn láti fi sọ wọ́n di èrò ẹ̀yìn, Trevor Davis sì gbé e padà sáré 65 yáàdì. Ó di 21 sí 21 nígbà tó ku ìṣẹ́jú-àáyá 17. Nínú àfikún àkókò, bọ́ọ̀lù dé ọwọ́ Kizer. Ọ̀tá lé e kúrò níbi tó dúró sí, Clay Matthews sì bà á nígbà tó fẹ́ jù ú. Nǹkan méjì ló yẹ kí quarterback ṣe níbẹ̀: kó ṣubú pẹ̀lú bọ́ọ̀lù, kó pàdánù yáàdì díẹ̀, kó sì dìde gbìyànjú lẹ́ẹ̀kan sí i, tàbí kó jù ú jáde kúrò nínú pápá pátápátá. Kizer jù ú sókè. Bọ́ọ̀lù náà yí gbirigbiri lójú ọ̀run, Josh Jones ti Green Bay dúró dè é, ó gbà á. Kò pẹ́ tí Davante Adams fi gbé e wọlé láti 25 yáàdì.

Àìmọ bí a ṣe ń ná àkókò náà wà ńbẹ̀. Ní Detroit, ní oṣù kọkànlá, ìdá kejì ń parí lọ, bọ́ọ̀lù wà ní yáàdì 2 péré sí ilé alátakò, Browns kò sì ní àǹfààní kankan mọ́ láti dá aago dúró. Ohun tí wọ́n máa ń ṣe nírú àkókò bẹ́ẹ̀ ni kí wọ́n ju bọ́ọ̀lù sínú ilé. Bí kò bá wọlé, aago á dúró fúnra rẹ̀, wọ́n á sì ta field goal fún àmì 3. Kizer gbé bọ́ọ̀lù fúnra rẹ̀, ó fẹ́ já gba àárín èrò. Wọ́n dá a dúró, gbogbo wọn dùbúlẹ̀ lé ara wọn lórí, aago sì ń sáré lọ títí tó fi tán. Òfo. Àmì 14 ni wọ́n fi pàdánù ní òpin, nítorí náà àmì 3 yẹn nìkan kò lè gbà wọ́n là. Àṣìṣe yẹn, kóòṣì ló yẹ kó ti fi dánrawò fún ọmọ tó ń gbá a láàárọ̀ ọjọ́ kan ní oṣù kẹjọ.

Ọ́fíìsì náà ò sinmi. Ní ọjọ́ tí líìgì máa ti ilẹ̀kùn ìpààrọ̀ agbábọ́ọ̀lù, ọjọ́ kọkànlélọ́gbọ̀n oṣù kẹwàá, wọ́n bá Cincinnati Bengals ṣe àdéhùn láti gba quarterback AJ McCarron. Ẹ̀bù ìpele kejì àti ìkẹta ni wọ́n máa fi san án. Bí ètò yìí ṣe ń lọ nìyí: ikọ̀ méjèèjì gbọ́dọ̀ fi ìwé ránṣẹ́ sí líìgì kó tó di aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Ìwé náà kò pé dé ọ̀dọ̀ líìgì lásìkò, àdéhùn sì wọ́ igbó. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún lẹ́yìn rẹ̀, nígbà tí wọ́n ti pàdánù méjìlá, Haslam lé Sashi Brown, ó sì gba John Dorsey rọ́pò rẹ̀ lọ́jọ́ kan náà.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí orúkọ kan. Larry Ogunjobi. Kò sí ẹni tó wà níbí tí kò mọ bí wọ́n ṣe ń pe Ògúnjọbí. Ọmọ àwọn òbí tó wá láti Nàìjíríà ni, òun sì ni agbábọ́ọ̀lù àkọ́kọ́ tí wọ́n máa mú nínú draft láti yunifásítì Charlotte, ní ìpele kẹta, ipò 65. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dúró ní àárín gbùngbùn, kó gba ìwúwo èèyàn méjì sórí ara rẹ̀, kí ẹni tó gbé bọ́ọ̀lù má bàa rí ọ̀nà gbà. Kì í ṣe iṣẹ́ tí kámẹ́rà máa ń wò. Emmanuel Ogbah tí wọ́n bí ní Èkó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ kí ẹsẹ̀ rẹ̀ tó dá ní oṣù kọkànlá. Àwọn yìí wà lára àwọn tó dára nínú líìgì ní dídá ẹni tó ń gbé bọ́ọ̀lù sáré dúró. Ẹ lọ wo ojú wọn nígbà tí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde tí wọ́n fẹ́ mu omi, tí quarterback sì ti ju bọ́ọ̀lù sọ́wọ́ ọ̀tá, tí wọ́n ní láti dìde padà sí pápá.

Ọjọ́ ìkẹyìn ni ọjọ́ kọkànlélọ́gbọ̀n oṣù kejìlá ní Pittsburgh. Pittsburgh fi àwọn àgbà wọn sinmi, Landry Jones ló ṣe quarterback. Browns ń lépa pẹ̀lú àmì 4, kò tó ìṣẹ́jú méjì tó kù, ìgbìyànjú kẹrin, yáàdì 2 ni wọ́n ń wá. Kizer sá fún àwọn tó ń lé e, ó rí Corey Coleman, ó jù ú sí i. Bọ́ọ̀lù tó dára ni. Ó ba ọwọ́ Coleman méjèèjì, ó sì bọ́.

Ní ọjọ́ kẹfà oṣù kìíní 2018, nínú òtútù tó ń gé èèyàn bí ọ̀bẹ, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn jáde, wọ́n yí pápá ìṣeré náà ká kí ìrìn wọn lè jọ òdo. Àwọn kan bínú sí wọn pé wọ́n ń dójú ti ikọ̀. Mi ò rí i bẹ́ẹ̀. Ìlú tí wọ́n ti gba ikọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ rí ló tún ń san owó tíkẹ́ẹ̀tì fún ọdún méjì tí wọ́n fi borí ẹ̀ẹ̀kan nínú méjìlélọ́gbọ̀n. Wọ́n tún fi ìrìn náà kó oúnjẹ àti owó jọ fún ilé ìpèsè oúnjẹ àwọn aláìní ìlú náà. Hue Jackson ti ṣèlérí pé bí ikọ̀ rẹ̀ bá tún borí ẹyọ kan péré bíi ti 2016, òun á bẹ́ sínú adágún Erie. Ó bẹ́ sí i ní oṣù kẹfà. Wọ́n fi í sílẹ̀ lórí iṣẹ́ títí di oṣù kẹwàá 2018, nígbà tí ó ti borí 3, tó ti pàdánù 36, tó sì ta ọ̀mì kan.

Ẹ̀bù wá bẹ̀rẹ̀ sí í ta. Watson fara pa gan-an ní oṣù kọkànlá 2017, Houston sì ya lulẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ìpele kìíní tí wọ́n jẹ Browns fi di ipò 4. Denzel Ward ni wọ́n fi mú. Ìpele kejì tí wọ́n gbà torí owó Osweiler di Nick Chubb. Ipò kìíní tí ìfìdírẹmi mẹ́rìndínlógún rà fún wọn di quarterback Baker Mayfield.

Wọ́n ta ọ̀mì pẹ̀lú Pittsburgh ní 21 sí 21 nígbà tí sáà 2018 ṣí. Wọ́n pàdánù ní New Orleans, níbi tí Gonzalez ti kùnà ẹ̀ẹ̀mẹrin, wọ́n sì lé e. Ní ọjọ́ ogún oṣù kẹsàn-án, Jets tún dé sí Cleveland. Ó ti pé ọjọ́ 635 tí Browns ti borí kẹ́yìn. Jets gba 14 sí 0. Tyrod Taylor tó ń ṣe quarterback fún Browns forí gbá, Mayfield wọlé, ó sì ju bọ́ọ̀lù 23, 17 dé ọwọ́ àwọn tó jù ú sí. Browns kọjá Jets ní 21 sí 17, àkókò sì ń tán lọ. Sam Darnold, quarterback Jets, ọmọ ọdún 21 bí Kizer ṣe rí lọ́dún tó kọjá, gbé bọ́ọ̀lù dìde láti gba ti Jets padà. Ó jù ú, Joe Schobert ti Browns já a gbà. Ó tún jù ú, Terrance Mitchell ti Browns já a gbà.